Bí A Bá Ti Jẹ́lé-ó-sinmi, Oko Ló Ń San Gbèsè Rẹ̀



Ẹ ó rántí àsìkò àrùn Kòrónà. Ní oṣù Kẹta ọdún 2020, bí òjò àkọ́rọ̀ ti ń bẹ̀rẹ̀, ìjọba ti ilé-ẹ̀kọ́ káàkiri Nàìjíríà. Ó di oṣù Kẹsàn-án àti Kẹwàá kí púpọ̀ nínú àwọn ọmọ tó padà. Ìyá àgbà tí ì bá gba ọmọ lọ́wọ́ wa wà nílé lọ́hùn-ún, òfin sì de ìrìnàjò láti ìpínlẹ̀ sí ìpínlẹ̀ títí di oṣù Keje.

Orúkọ jẹ́lé-ó-sinmi ti sọ iṣẹ́ rẹ̀. Bí a bá tì í, ilé kò sinmi, oko kò sì lọ déédé. Ẹ jẹ́ kí a ṣírò rẹ̀. Bí ìyá kan bá ń fi wákàtí 2 ṣọ́ ọmọ lójúmọ́ nínú àkókò oko rẹ̀, wákàtí 12 ló pàdánù ní ọjọ́ 6. Koríko kò ní dúró dè é. Yóò sanwó fún alágbàṣe, tàbí kí irè oko dín. Oúnjẹ ọ̀sán tí ọmọ bá ń jẹ nílé-ẹ̀kọ́ náà yóò di ti ilé.

A máa ń ṣe àárò ebè. Ẹ jẹ́ kí a ṣe àárò ọmọ pẹ̀lú: ìdílé mẹ́ta, kí òbí kan máa ṣọ́ gbogbo ọmọ ní ọjọ́ tirẹ̀. Ẹ̀yin bàbá náà ní ọjọ́ tiyín o. Ọmọ tí ara rẹ̀ kò bá yá, kí ó dúró lọ́dọ̀ òbí rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí a ṣètò rẹ̀ kí àrùn mìíràn tó dé.