‘Kò Sí Iná’: Bí Àwọn Mẹkáníìkì Òṣogbo àti Iléṣà Ṣe Ń Wádìí Ọkọ̀ tí Ó Kọ̀ tí Kò Dáhùn

Láti ìgbà tí àwa olùkọ́ èdè Yorùbá ti ń jíròrò lórí bí a ó ṣe máa fi èdè wa kọ́ ìmọ̀ sáyẹ́ǹsì, ìwé ni a sábà máa ń yíjú sí. Ìwé ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀ ní ilé-ẹ̀kọ́ St Stephen's ‘A’ ní Modákẹ́kẹ́, níbi tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Babatúndé Fáfúnwá àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ti dá ètò ọlọ́dún mẹ́fà sílẹ̀ ní 1970, tí wọ́n sì ń fi Yorùbá kọ́ àwọn ọmọ ní ìṣirò àti sáyẹ́ǹsì. Ìwé náà ni àkójọ èdè-ìperí tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Ayọ̀ Bámgbóṣé ṣe olóòtú rẹ̀, tí ó jáde ní 1984. A kò kóyán iṣẹ́ wọ̀nyí kéré rárá. Ṣùgbọ́n ibòmíràn wà tí wọ́n ti ń fi Yorùbá ṣe ìmọ̀ ẹ̀rọ lójoojúmọ́, tí ẹnikẹ́ni kò sì dúró de ìgbìmọ̀ kankan kí ó tó máa sọ ọ́. Ibẹ̀ ni ìsọ̀ àwọn mẹkáníìkì.

Ẹyọ ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni a fẹ́ gbé yẹ̀wò níhìn-ín: ọkọ̀ tí ń lo epo bẹntiróòlù, tí a yí kọ́kọ́rọ́ rẹ̀, tí ẹ́ńjìnnì rẹ̀ ń yí, ṣùgbọ́n tí kò jẹ́ mú, nítorí pé iná tí ó yẹ kí ó ta nínú rẹ̀ kò ta. (Ọkọ̀ tí ń lo dísù kò sí nínú ọ̀rọ̀ wa, nítorí pé ooru afẹ́fẹ́ tí a fún pọ̀ ni ó ń tan epo tirẹ̀, kò ní púlọ́ọ̀gì tí iná ń ta lẹ́nu rẹ̀.) Ọ̀rọ̀ owó wà nínú rẹ̀, ọ̀rọ̀ ewu wà nínú rẹ̀, ọ̀rọ̀ èdè sì wà nínú rẹ̀ pẹ̀lú.

Ẹ jẹ́ kí á mú ti owó ná. Olùkọ́ kan tí a mọ̀, tí ilé rẹ̀ wà ní Òṣogbo ṣùgbọ́n tí ó ń kọ́ni ní ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà, fẹ́ lọ bójú tó ìdánwò àṣekágbá ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan. Peugeot 504 rẹ̀ kọ̀. Ọmọ iṣẹ́ mẹkáníìkì tí ó kọ́kọ́ dé ibẹ̀ yẹ̀ ẹ́ wò, ó ní, ‘Tíṣà, kò sí iná o.’ Bí tíṣà ti gbọ́ ‘iná’, bátìrì ni ó wá sí i lọ́kàn. Ó fi owó ránṣẹ́, wọ́n ra bátìrì tuntun wá. Nígbà tí wọ́n so ó tán, ẹ́ńjìnnì yí kíákíá ju ti tẹ́lẹ̀ lọ, ṣùgbọ́n kò mú. Ọ̀gá ọmọ náà dé nígbà tí oòrùn ti là, ó ṣí dísíríbútọ̀, ó fi sáńpépà ha ojú kọ́ńtáàtì, ó fi aṣọ gbígbẹ nù ún, ọkọ̀ dáhùn. Nǹkan kan kò ṣe bátìrì àtijọ́. Irọ́ kọ́ ni ọmọ iṣẹ́ pa, etí tíṣà kò sì di. Ọ̀rọ̀ náà ni ó gbé ju ìtumọ̀ kan lọ.

‘Iná’ ni a ń pe èyí tí ń jó lábẹ́ ìkòkò. ‘Iná’ ni a ń pe fìtílà. Bí wọ́n bá dá agbára mànàmáná padà sí àdúgbò, igbe ‘Wọ́n ti mú iná wá!’ ni àwọn ọmọdé ń ké. Lẹ́nu àwọn àgbà Iléṣà tí wọn kò fi ẹ̀ka-èdè wọn sílẹ̀, ‘uná’ ni, gẹ́gẹ́ bí ‘ilé’ ti í jẹ́ ‘ulé’. Ṣùgbọ́n ohun tí ‘iná’ gbé ní Òṣogbo náà ni ‘uná’ gbé níbẹ̀. Nínú ọkọ̀ kan ṣoṣo, ó kéré tán, nǹkan mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni ó ń jẹ́ iná. Mẹkáníìkì tí ó mọ iṣẹ́ a máa fi ọ̀rọ̀ mìíràn yàn án: iná bátìrì, iná kọ́ìlù, iná púlọ́ọ̀gì. Ẹni tí ó bá mọ bí mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ṣe yàtọ̀ síra ti mọ ìdajì iṣẹ́ náà, bí kò tilẹ̀ fọwọ́ kan sípánà rí.

Iná bátìrì kò lágbára púpọ̀; fóltì 12 ni. Iná yìí kò lè fo àlàfo ẹnu púlọ́ọ̀gì, bí àlàfo náà kò tilẹ̀ ju nǹkan bí ìdá méje nínú mẹ́wàá mìlímítà lọ. Nítorí náà a ní láti sọ ọ́ di ńlá. Kọ́ìlù ni ó ń ṣe èyí. Wáyà méjì ni a wé mọ́ irin nínú rẹ̀: ọ̀kan nípọn, a wé e ní ọgọ́rọ̀ọ̀rún ìgbà, èkejì tín-ín-rín bí irun orí, a wé e ní ọ̀pọ̀ ẹgbẹẹgbẹ̀rún ìgbà. Bí iná bátìrì bá ń ṣàn gba inú wáyà tí ó nípọn, irin àárín yóò di òòfà. Bí a bá wá já ìṣàn náà lójijì, agbára òòfà náà yóò wó, wíwó rẹ̀ ni yóò sì bí iná ńlá sínú wáyà tín-ín-rín, iná tí ó lè ju fóltì 20,000 lọ. Ẹ ṣàkíyèsí pé kì í ṣe ìgbà tí iná ń ṣàn ni púlọ́ọ̀gì ń rí tirẹ̀ gbà, bí kò ṣe ìgbà tí ìṣàn náà bá já. Ibí yìí gan-an ni ó máa ń rú ọ̀pọ̀ ènìyàn lójú. Michael Faraday ni ó fi ìdí òfin yìí múlẹ̀ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní 1831. Ní ilé-iṣẹ́ Robert Bosch ní Jámánì, Gottlob Honold fi irú rẹ̀ tí kò nílò bátìrì lélẹ̀ ní 1902. Charles Kettering ti Amẹ́ríkà ni ó sọ ti oníbátìrì àti kọ́ìlù di ohun tí ọkọ̀ ń lò ní nǹkan bí 1910.

Ohun tí ń já ìṣàn náà ni kọ́ńtáàtì, ẹnu irin kékeré méjì tí ń ṣí tí ń pa dé nínú dísíríbútọ̀. Bí ẹ́ńjìnnì onísìlíńdà mẹ́rin bá ń yí ní ìgbà 3,000 ní ìṣẹ́jú kan, ìgbà 100 ni kọ́ńtáàtì ń ṣí ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Kò yani lẹ́nu, nígbà náà, pé òun ni ó máa ń kọ́kọ́ jẹ. Kọ́ńdẹ́ńsà wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ láti gba iná tí ì bá máa ta lẹ́nu rẹ̀. Bí kọ́ńdẹ́ńsà bá kú, kọ́ńtáàtì yóò jóná, iná púlọ́ọ̀gì yóò sì rọ. Rótọ̀ ni ó wá ń pín iná ńlá náà fún púlọ́ọ̀gì kọ̀ọ̀kan ní ẹsẹẹsẹ. Ẹsẹẹsẹ yìí kì í ṣe ọ̀kan náà nínú gbogbo ọkọ̀. Ti Peugeot 504, tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí tò ní Kàdúná ní 1975, jẹ́ 1-3-4-2. Ti Volkswagen tí àwa Yorùbá ń pè ní Ìjàpá, tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí tò ní Ọ̀jọ́ ní Èkó ní ọdún kan náà, jẹ́ 1-4-3-2. Ẹni tí ó bá fi ẹsẹẹsẹ ti 504 so wáyà Ìjàpá yóò rí iná dáadáa lẹ́nu púlọ́ọ̀gì, ṣùgbọ́n ẹ́ńjìnnì yóò máa húkọ́, yóò máa bú gbàmù láti ẹnu kábúrétọ̀, kò sì ní mú.

Wàyí o, báwo ni ọ̀gá ṣe ń wádìí? Etí ni ó kọ́kọ́ ń lò. Yóò ní kí ọmọ iṣẹ́ yí kọ́kọ́rọ́, yóò dákẹ́. Bí ó bá gbọ́ ‘kọ́’ ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo, tàbí tí ẹ́ńjìnnì ń fà tìrótìró, iná bátìrì ni ó wà ní ọ̀rọ̀. Yóò tan iná iwájú ọkọ̀, bí ó bá rẹ̀ wẹ̀sì nígbà tí wọ́n ń yí kọ́kọ́rọ́, yóò wo orí bátìrì bóyá ìdọ̀tí funfun ti bò ó kí ó tó sọ pé bátìrì kú. Ṣùgbọ́n bí ẹ́ńjìnnì bá ń yí geerege tí kò mú, ó ku ọ̀nà méjì: bóyá epo ni kò dé, bóyá iná púlọ́ọ̀gì ni kò ta. Èdè wọn ti la ọ̀nà méjèèjì yìí sílẹ̀ kí ọwọ́ tó kan ohunkóhun: ‘kò yí’ yàtọ̀ sí ‘ó ń yí ṣùgbọ́n kò mú’. Ẹni tí ó bá gbé ọkọ̀ rẹ̀ lọ, tí ó sì sọ gbólóhùn kejì yìí dípò ‘ọkọ̀ mi bàjẹ́’, ti gba ara rẹ̀ lọ́wọ́ ìnáwó bátìrì.

Láti mọ èwo nínú méjèèjì ni, ọ̀gá yóò tú púlọ́ọ̀gì kan, yóò fi í bọ ẹnu wáyà rẹ̀ padà, yóò sì gbé ara irin púlọ́ọ̀gì náà lé irin ẹ́ńjìnnì, ọmọ iṣẹ́ yóò sì yí kọ́kọ́rọ́. Bí iná tí ó ta bá fẹ́ràn àwọ̀ aró, tí ó sì ń dún pàú-pàú, iná wà. Kí á lọ wá epo. Bí ó bá pọ́n ràkọ̀ràkọ̀ tí kò ní agbára, kọ́ìlù tàbí kọ́ńdẹ́ńsà ni kí á fura sí. Bí kò bá sí rárá, a ó máa padà sẹ́yìn.

A fẹ́ dúró díẹ̀ lórí ewu tí ó wà níbí, nítorí a kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi àpilẹ̀kọ wa jóná. Àṣà kan wà tí àwọn mìíràn fi ń da epo sí ẹnu kábúrétọ̀ kí ọkọ̀ lè tètè mú. Bí a bá ṣe èyí, tí a sì tún ń dán iná púlọ́ọ̀gì wò nígbà kan náà, ẹ̀ta iná kan ṣoṣo tó láti tan epo náà lójú gbogbo ènìyàn. Kí epo má ṣe wà ní gbangba níbi tí a ti ń dán iná wò. Kí á má sì fi ọwọ́ lásán di wáyà púlọ́ọ̀gì mú. Rọ́bà gbígbẹ ni kí á fi dì í. Ẹni tí ẹ̀rọ amọ́kànlù bá wà ní àyà rẹ̀ kò gbọdọ̀ sún mọ́ ọn rárá.

Bí a bá ń padà sẹ́yìn, a ó yọ wáyà àárín dísíríbútọ̀, èyí tí ó ti ọ̀dọ̀ kọ́ìlù wá, a ó sì mú ẹnu rẹ̀ sún mọ́ irin ẹ́ńjìnnì. Bí iná bá ta níbẹ̀, kọ́ìlù ti ṣe tirẹ̀. Ìdérí dísíríbútọ̀, rótọ̀ tàbí wáyà púlọ́ọ̀gì ni ó jẹ̀bi. Bí kò bá ta, gílóòbù kékeré tí a so wáyà méjì mọ́ ni a ó mú. A ó fi wáyà rẹ̀ kan kan irin ọkọ̀, a ó fi èkejì kan ẹnu kọ́ìlù tí iná ń gbà wọlé, pẹ̀lú kọ́kọ́rọ́ ní ṣíṣí. Bí kò bá tàn, iná bátìrì kò tilẹ̀ dé ọ̀dọ̀ kọ́ìlù: kí á yẹ ibi kọ́kọ́rọ́ àti fíúsì wò. Bí ó bá tàn, kí á gbé e lọ sí ẹnu kejì, tí ó lọ bá kọ́ńtáàtì, kí á sì máa yí ẹ́ńjìnnì. Ó yẹ kí ó máa tàn kí ó máa kú. Bí ó bá ń tàn láìkú, kọ́ńtáàtì kò fẹnu kanra, ìdọ̀tí tàbí jíjẹ ni. Bí kò bá tàn rárá, ó lè jẹ́ pé wáyà inú kọ́ìlù ti já, ó sì lè jẹ́ pé kọ́ńtáàtì tàbí kọ́ńdẹ́ńsà ti kan irin láìṣí. Àlàfo kọ́ńtáàtì nínú 504 àti Ìjàpá kò jìnnà sí ìdá mẹ́rin nínú mẹ́wàá mìlímítà. Àwọn kan ń fi páálí wọ̀n ọ́n, ṣùgbọ́n irin ìwọ̀n rẹ̀ ni ó dára jù.

Ní àsìkò òjò, pàápàá ní ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà tí òkè àti igbó ti máa ń mú kí ìkùukùu pẹ́ nílẹ̀ ní òwúrọ̀, ẹ̀bi kan wà tí kò gba owó rárá. Ọ̀rinrin ni ó wọ inú ìdérí dísíríbútọ̀. Iná ńlá náà wá ń gba ojú omi lọ sí ibi tí a kò rán an. Aṣọ gbígbẹ ni oògùn rẹ̀. Bí ọkọ̀ bá ń kọ̀ ní òwúrọ̀ nìkan, tí ó sì ń dáhùn ní ọ̀sán láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni fọwọ́ kàn án, kí á ti wo ibẹ̀ kí á tó ra ohunkóhun. Bí ó bá sì ń ṣe bẹ́ẹ̀ ní ọ̀sọ̀ọ̀sẹ̀, ìdérí náà ti sán.

Olùkalámẹ́jọ̀ èdè lè béèrè pé kí ni ‘púlọ́ọ̀gì’, ‘kọ́ìlù’ àti ‘kọ́ńtáàtì’ ń ṣe nínú Yorùbá gidi. Tiwa ni pé kò yẹ kí á dààmú ara wa lórí orúkọ ẹ̀yà ọkọ̀. Ọ̀rọ̀ àyálò ni wọ́n, fáwẹ́lì ti wọ àárín kọ́ńsónáǹtì wọn àti ìparí wọn bí òfin èdè wa ti wí, ọmọ iṣẹ́ tí kò wọ ilé-ẹ̀kọ́ girama sì ń pè wọ́n láìkólòlò. Ibi tí Yorùbá ti ń ṣiṣẹ́ gan-an ni ọ̀rọ̀-ìṣe: iná ń ṣàn, iná ta, wáyà já, wáyà kanra, ẹ́ńjìnnì yí, ẹ́ńjìnnì mú, bátìrì kò gba iná dúró mọ́. Gbogbo àlàyé tí a ṣe sókè yìí, àwọn ọ̀rọ̀-ìṣe wọ̀nyí ni ó gbé e. Olùkọ́ tí ó bá gba kọ́ìlù àlòkù kan àti púlọ́ọ̀gì méjì lọ́wọ́ mẹkáníìkì, tí ó sì gbé wọn sórí tábìlì, ní ẹ̀kọ́ ọ̀rọ̀-ìṣe, ẹ̀kọ́ ọ̀rọ̀ àyálò àti ẹ̀kọ́ òòfà lẹ́ẹ̀kan náà.

Lónìí, ọ̀pọ̀ ọkọ̀ tòkunbọ̀ tí ń wọ Òṣogbo kò ní dísíríbútọ̀ tàbí kọ́ńtáàtì mọ́. Kọ̀ǹpútà inú ọkọ̀ ni ó ń já ìṣàn iná, kọ́ìlù sì ti gun orí púlọ́ọ̀gì kọ̀ọ̀kan. Fífa wáyà yọ láti wo iná tí ń ta lè ba irú kọ̀ǹpútà bẹ́ẹ̀ jẹ́, nítorí náà iṣẹ́ ti bọ́ sọ́wọ́ rìwáyà tí ó ní ẹ̀rọ tí ń ka àṣìṣe. Síbẹ̀ ìbéèrè àkọ́kọ́ kò yí padà: ṣé kò yí ni, àbí ó ń yí ṣùgbọ́n kò mú? Ó sì ti bí òmíràn. Nínú àwọn ọkọ̀ kan, ohun kékeré kan wà nínú kọ́kọ́rọ́ tí kọ̀ǹpútà gbọ́dọ̀ mọ̀ kí ó tó jẹ́ kí ẹ́ńjìnnì ṣiṣẹ́; bí kò bá mọ̀ ọ́n, ẹ́ńjìnnì lè yí títí di alẹ́, kò ní mú. ‘Ọkọ̀ kò mọ kọ́kọ́rọ́’ ni wọ́n ń sọ. Rìwáyà tí ó bá rí àmì kọ́kọ́rọ́ tí ń ṣẹ́jú lójú dáṣíbọ́ọ̀dù kò ní fọwọ́ kan púlọ́ọ̀gì kankan. Yóò kọ́kọ́ béèrè lọ́wọ́ onímọ́tò bóyá kọ́kọ́rọ́ kejì wà nílé.