Tí ọlọ́pàá Ghana bá gbẹ́sẹ̀ lé tipa yín nítorí iyanrìn odò, ọ̀nà wo lẹ lè gbà rí i gbà padà?

Ọkọ̀ tó bá délẹ̀ sí Agbogbloshie nílùú Accra, ó ṣòro kó tún jáde níbẹ̀ bí ọkọ̀. Àwọn tó ń ṣòwò irin àlòkù á tú ẹ́ńjìnnì rẹ̀, wọ́n á yọ bátìrì, wọ́n á fi iná jó wáyà kí bàbà inú rẹ̀ lè jáde. Ìjọba wó ọjà irin náà ní ọjọ́ kìíní oṣù Keje ọdún 2021, wọ́n sì kó àwọn alálùbọ́sà lọ sí Adjen Kotoku, síbẹ̀ iṣẹ́ títú ọkọ̀ kò kúrò ní àdúgbò náà.

Tipa tí wọ́n gbẹ́sẹ̀ lé, tó jókòó sí ọgbà ọlọ́pàá nínú òjò àti oòrùn fún ọdún méjì, kò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀ sí àwọn ọkọ̀ Agbogbloshie mọ́. Ìdí nìyí tí ọ̀rọ̀ gbígba ọkọ̀ padà fi kan onítipa gbọ̀ngbọ̀n.

Accra kò yé kọ́lé, láìsí iyanrìn kò sì sí ilé. Àwọn kan ń kó o ní odò àti etí òkun láìgba àṣẹ. Nínú òfin ohun àlùmọ́nì Ghana ti ọdún 2006 (Act 703), iyanrìn wà lára ohun àlùmọ́nì bí amọ̀ àti òkúta ṣe wà. Èyí túmọ̀ sí pé òfin kan náà ló ń mú ẹni tó ń kó iyanrìn láìní ìwé àṣẹ àti ẹni tó ń wa góòlù ní bòńkẹ́lẹ́, èyí tí wọ́n ń pè ní galamsey.

Òfin kò béèrè ẹni tó ni ọkọ̀

Àtúnṣe ọdún 2015 (Act 900) sọ pé kí ọlọ́pàá gba ohun èlò tí wọ́n bá fi dá ẹ̀ṣẹ̀ náà, ẹni yòówù kó ni ín. Bí ilé ẹjọ́ bá dá ẹni tí wọ́n fẹ̀sùn kàn lẹ́bi, ohun èlò náà di tìjọba, mínísítà sì ní 60 ọjọ́ láti fi í fún iléeṣẹ́ ìjọba tó bá yẹ.

"Ẹni yòówù kó ni ín" yìí ló yẹ kó ba ẹni tó ń fi ọkọ̀ háyà lẹ́rù. Ẹ jẹ́ ká sọ pé bàbá kan n'Íbàdàn ra tipa, ó gbé e fún awakọ̀ kan ní Accra kó máa jíṣẹ́ fún un lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀. Awakọ̀ wá lọ kó iyanrìn létí odò lóru. Bàbá kò mọ̀, kò sì sí níbẹ̀, àmọ́ ọkọ̀ rẹ̀ ni ọlọ́pàá máa wọ́ lọ.

Àtúnṣe ọdún 2019 (Act 995) tún mú ìjìyà ẹni tó bá wa kùsà láìgba àṣẹ le sí i: ẹ̀wọ̀n ọdún 15 sí 25, tó bá sì jẹ́ àjèjì, kò lè dín ní ọdún 20. Ọmọ Yorùbá tó wá láti Nàìjíríà tàbí Benin, tí kò tíì gba ìwé ọmọ onílùú, àjèjì ni, bó ti wù kó pẹ́ ní Accra tó.

Kó tó di ìdájọ́

Kí ọlọ́pàá gba ọkọ̀ yàtọ̀ sí kí ọkọ̀ di tìjọba. Láàárín méjèèjì ni agbẹjọ́rò ti lè ṣiṣẹ́. Ìwé òfin Ghana ti ọdún 1992, ní abala 19, sọ pé aláìṣẹ̀ ni ẹni tí wọ́n fẹ̀sùn kàn títí ilé ẹjọ́ yóò fi dá a lẹ́bi. Abala 18 fún olúkúlùkù ní ẹ̀tọ́ láti ní dúkìá. Tí ọlọ́pàá bá fi ọkọ̀ pamọ́ láìgbé ẹnikẹ́ni lọ sílé ẹjọ́, abala 33 gba ẹni tó ni ín láàyè láti gba ilé ẹjọ́ gíga lọ.

Ìwé ló máa ń gbèjà èèyàn níbẹ̀: ìwé ìforúkọsílẹ̀ ọkọ̀ láti DVLA, àti àdéhùn tí awakọ̀ fọwọ́ sí, tó sọ irú ẹrù tó gbọ́dọ̀ gbé. Ọ̀pọ̀ onítipa ló jẹ́ pé àdéhùn ẹnu lásán ni wọ́n ní.

Ní Nàìjíríà, ọ̀rọ̀ náà ṣe tààrà ju bẹ́ẹ̀ lọ. Abala 10 òfin ìgbẹ́jọ́ ọ̀daràn ti ìjọba àpapọ̀ (ACJA 2015) ní kí ọlọ́pàá kọ àkọsílẹ̀ gbogbo ohun tí wọ́n gbà, kí wọ́n sì fún afurasí tàbí agbẹjọ́rò rẹ̀ ní ẹ̀dà kan. Ẹni tó ni dúkìá lè bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n dá a padà fún òun, kí òun sì tọwọ́ bọ ìwé ìdúró. Bí ọlọ́pàá bá kọ̀, ó gbọ́dọ̀ ròyìn rẹ̀ fún ilé ẹjọ́, tó lè pàṣẹ pé kí wọ́n dá a padà.

Ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Íńdíà, níbi tí ẹjọ́ ọkọ̀ iyanrìn ti pọ̀ gan-an, ti sọ lọ́dún 2002, nínú ẹjọ́ Sunderbhai Ambalal Desai, pé kò yẹ kí ọkọ̀ máa jẹrà ní àgọ́ ọlọ́pàá. Wọ́n ní kí wọ́n ya fọ́tò rẹ̀, kí ẹni tó ni ín ṣe ìdúró, kó sì máa gbé e lọ títí ẹjọ́ yóò fi parí.

Àwọn kan á ní tipa tí wọ́n bá tú sílẹ̀ lónìí á padà sí odò lọ́la. Òótọ́ ni, nítorí náà ló ṣe yẹ kí owó ìdúró náà tó ohun tó ń dunni. Àmọ́ fífi ọkọ̀ pamọ́ náà ní ewu tirẹ̀. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2020, Ọ̀jọ̀gbọ́n Kwabena Frimpong-Boateng, tó jẹ́ mínísítà ọ̀rọ̀ àyíká nígbà náà, kéde pé ọ̀pọ̀ katakata tí wọ́n gbà lọ́wọ́ àwọn oní-galamsey ti di àwátì. Ó ní kí ọlọ́pàá wádìí rẹ̀.

Nítorí náà, lọ́jọ́ tí wọ́n bá gba ọkọ̀ gan-an ni kí ẹ ti béèrè àkọsílẹ̀ tó ní nọ́ńbà ẹ́ńjìnnì àti ti ṣáásì nínú, kí ẹ sì ya fọ́tò ọkọ̀ náà níbi tí wọ́n gbé e sí.