Òótọ́ àti Irọ́ nípa Vittorio Storaro

Bí èèyàn bá wo fíìmù ìtàn ìgbà àtijọ́ tán, òṣèré àti olùdarí ló máa ń yìn. Ta ló yan ìmọ́lẹ̀ tá a fi rí wọn? Olórí ayàwòrán ni. Vittorio Storaro, tí wọ́n bí ní Róòmù ní 1940, wà lára àwọn tó gbayì jù nídìí iṣẹ́ yìí. Irọ́ sì pọ̀ nípa rẹ̀.

Irọ́: Kámẹ́rà ló ń gbé kiri.

Òótọ́: Nínú fíìmù ńlá, ẹlòmíràn ló sábà máa ń di kámẹ́rà mú. Olórí ayàwòrán ló ń pinnu ibi tí iná yóò ti wá, bí òjìji yóò ṣe ki tó, àti àwọ̀ tí yóò borí.

Irọ́: Amẹ́ríkà ló sọ ọ́ di èèyàn.

Òótọ́: Ní 1970, òun àti Bernardo Bertolucci, olùdarí fíìmù tó jẹ́ ọmọ Ítálì bíi tirẹ̀, ti ṣe *Il conformista*, ìtàn ìgbà ìjọba Mussolini. Fíìmù yẹn wu Francis Ford Coppola, olùdarí ọmọ Amẹ́ríkà, kó tó pè é sí *Apocalypse Now* (1979), tó fún un ní Oscar àkọ́kọ́ nínú mẹ́ta.

Irọ́: Fíìmù ìtàn gbọ́dọ̀ ṣá bíi fọ́tò ayé ọjọ́un.

Òótọ́: Àwọ̀ kún inú *The Last Emperor* (1987), ìtàn Puyi, ọba ìkẹyìn ní Ṣáínà. Storaro fi àwọ̀ pín ayé rẹ̀. Pupa ló bẹ̀rẹ̀, nígbà tí Puyi gé iṣan ọwọ́ ara rẹ̀. Àwọ̀ ewé dé pẹ̀lú Reginald Johnston, olùkọ́ tó mú ìmọ̀ tuntun wọ ààfin.

Irọ́: Bí wọ́n bá ti ya àwòrán tán, iṣẹ́ rẹ̀ parí.

Òótọ́: Fún *Reds* (1981), tó dá lórí ìyípadà ìjọba ní Rọ́ṣíà, ó lo ọ̀nà ìfọfíìmù kan tí wọ́n ń pè ní ENR, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní ilé-iṣẹ́ Technicolor ní Róòmù. Bí wọ́n bá ń fọ fíìmù aláwọ̀, wọ́n máa ń yọ fàdákà inú rẹ̀ kúrò. ENR a máa fi díẹ̀ sílẹ̀: dúdú a dúdú kanlẹ̀, àwọ̀ yòókù a sì rọlẹ̀.

Irọ́: Àgbà bíi tirẹ̀ kò lè fọwọ́ kan kámẹ́rà dígítà.

Òótọ́: Ó ti lé ní ẹni ọdún 75 nígbà tí *Café Society* (2016), ìtàn àwọn ọdún 1930, jáde, dígítà sì ni òun àti Woody Allen, olùdarí rẹ̀, fi yà á. Ẹ̀rọ ló pààrọ̀. Iná, òjìji àti àwọ̀ ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀.