Ohun Tó Ń Mú Omi Kọ Mànà Nínú Fíìmù

Ẹ ti gbọ́ pé Mami Wata, fíìmù tí C.J. "Fiery" Obasi darí, gba ẹ̀bùn ní àjọ̀dún Sundance ní oṣù kìíní ọdún 2023. Iṣẹ́ kámẹ́rà ni ẹ̀bùn náà wà fún, Lílis Soares, ọmọ Bràsíl, ló sì ṣe é. Dúdú àti funfun nìkan ni àwọ̀ inú fíìmù náà. Orílẹ̀-èdè Bẹ̀nẹ̀ ni wọ́n ti yà á.

Orúkọ fíìmù náà mú omi wá sọ́kàn, ọ̀pọ̀ èèyàn sì gbà pé omi gbọ́dọ̀ mọ́ gaara kó tó lè tàn nínú fíìmù. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ojú omi ló ń tàn, kì í ṣe inú rẹ̀. Bí a bá dúró lókè omi tí a wò ó nísàlẹ̀ gan-an, nǹkan bí ìdá 2 péré nínú 100 ìmọ́lẹ̀ tó bọ́ lù ú ló ń dá padà. Ìyókù á wọlé lọ. Ṣùgbọ́n bí ojú wa bá ṣe ń rẹlẹ̀ sún mọ́ ojú omi tó, bẹ́ẹ̀ ni ìmọ́lẹ̀ tó ń dá padà á máa pọ̀ sí i, títí á fi fẹ́rẹ̀ẹ́ dá gbogbo rẹ̀ padà. Ìgbì kéékèèké wá dà bí dígí tó dagun síbi tó wù ú. Èyí tó bá dagun tó ju oòrùn sínú kámẹ́rà ló ń kọ mànà. Kí a tó ṣẹ́jú, ó ti yí, òmíràn ti gbà á. Àwòrán 24 ni kámẹ́rà fíìmù sábà máa ń yà ní ìṣẹ́jú àáyá kan, mànà inú ọ̀kan kì í sì í ṣe ti èkejì.

Ralph Steiner ti fi ìmọ́lẹ̀ ojú omi yìí ṣe fíìmù ní Amẹ́ríkà lọ́dún 1929. H2O ló pè é. Kò sí ìtàn níbẹ̀, omi ṣáá ni. Bó ṣe ń sún mọ́ omi náà ni omi ń pòórá, tó fi ku ìmọ́lẹ̀ àti òkùnkùn tó ń jó.

Ẹni tó bá ti gba Afárá Carter láti Ìdó lọ sí Ìsàlẹ̀ Èkó nírọ̀lẹ́ mọ̀ pé ọ̀sà wa náà ń kọ mànà, bó ti dúdú tó. Lójú tèmi, dúdú rẹ̀ yẹn lè wúlò fún irú fíìmù bíi ti Steiner, torí pé ìsàlẹ̀ omi kò hàn, ìmọ́lẹ̀ ojú rẹ̀ nìkan ló kù fún wa láti wò. Síbẹ̀, kí ẹnikẹ́ni má fi ẹwà bo ìdọ̀tí ọ̀sà mọ́lẹ̀. Àwọn apẹja ń jẹun nínú rẹ̀.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tó ń fi fóònù ya fíìmù, ẹ wá ibi tí kò léwu létí ọ̀sà, ẹ gbé kámẹ́rà sílẹ̀ dáadáa, ẹ kọjú rẹ̀ sí oòrùn ìrọ̀lẹ́, kí ẹ má sì tètè pa á.