TA LÓ KỌ "AS" SÍNÚ Ẹ̀JẸ̀ ỌMỌ MI?

Ọ̀rọ̀ burúkú tòun tẹ̀rín ni. Ìyá kan tó ń ta ànàmọ́ l'ọ́jà Ọwọ́dé, ní Ọ̀fà Ìyèrú Ọ̀kín níbí, ló pè mí lọ́sàn-án ọjọ́ kan bí mo ṣe ń kọjá lọ. Wọ́n ti gbọ́ pé ọmọ oníwèé ìròyìn ni mí. Ìyá fi àpótí ìjókòó lọ̀ mí, wọ́n tú etí ìró wọn, wọ́n sì yọ bébà kan jáde. Bébà àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀ ni. Orúkọ ọmọ wọn obìnrin ló wà lókè. Nísàlẹ̀, lẹ́tà méjì péré: AS.

"Ọmọ mi, ìwọ tó o mọ̀wé, bá mi wò ó," báyìí ni ìyá wí. "Ẹni tó fẹ́ fẹ́ ọmọ mi náà lọ ṣe tirẹ̀, AS ni wọ́n gbé fún òun náà. Wọ́n ní kí wọ́n má fẹ́ra wọn mọ́. A ti ṣe mọ̀-mí-n-mọ̀-ọ́, a ti ra aṣọ ẹbí sílẹ̀. Èmi ni mo bí i, mi ò kọ nǹkan kan sí i lẹ́jẹ̀. Ta ló kọ AS sínú ẹ̀jẹ̀ ọmọ mi? Ojú ta ló sì ríran dé ibẹ̀?"

Ẹ̀rín fẹ́ pa mí, ṣùgbọ́n mo rí omi lójú ìyá, ẹ̀rín náà sì gbẹ mọ́ mi lẹ́nu. Mo ní, "Ìyá, ẹ fún mi ní ọ̀sẹ̀ méjì, màá wá ìdí ẹ̀ wá fún yín." Ẹ̀yin òǹkàwé wa, ohun tí mo rí nìyí. Ẹ fara balẹ̀ kà á, torí ọ̀rọ̀ ìyá aláànàmọ́ yìí, ọ̀rọ̀ gbogbo ilé tó ní ọmọ tó tó gbé níyàwó ni.

ÌWÉ TÓ WÀ NÍNÚ ARA WA

Àwọn nǹkan kéékèèké tí ojú lásán kò lè rí ló para pọ̀ di ara wa. Sẹ́ẹ̀lì ni wọ́n ń pè wọ́n. Inú sẹ́ẹ̀lì ni àwọn okùn tẹ́ẹ́rẹ́ kan wà, wọ́n ká jọ bí òwú aránṣọ. Okùn náà jẹ́ 46: bàbá ẹni fúnni ní 23, ìyá ẹni fúnni ní 23. Krómósómù ni wọ́n ń pè é, DNA sì lorúkọ òwú tó wà nínú rẹ̀.

Ara òwú yìí ni wọ́n kọ ìwé sí: bí àwọ̀ wa yóò ṣe rí, bí a ó ṣe ga tó, bí ẹ̀jẹ̀ wa yóò ṣe máa ṣiṣẹ́. Lẹ́tà mẹ́rin péré ni ìwé náà ní, A, C, G àti T. Ṣùgbọ́n tí a bá ka èyí tó wà lára okùn 23 tí a gbà lọ́wọ́ bàbá nìkan, ó tó bílíọ̀nù 3. Ti ìyá náà tó bẹ́ẹ̀. Àṣẹ kọ̀ọ̀kan nínú ìwé yìí ni jíìnì. Gbogbo ìwé náà lápapọ̀ ni jínóòmù. Ẹni tó bá mọ okùn tí àṣẹ kan wà, àti ibi tó wà lára okùn náà gan-an, onítọ̀hún ti ní máàpù lọ́wọ́.

BÍ WỌ́N ṢE YA MÁÀPÙ NÁÀ

Ẹni tó kọ́kọ́ ya irú máàpù yìí, akẹ́kọ̀ọ́ ni. Alfred Sturtevant lorúkọ rẹ̀, ní Amẹ́ríkà. Eṣinṣin kéékèèké tó máa ń bà lé èso ló fi ṣe é, ó sì tẹ̀ ẹ́ jáde ní 1913.

Ẹ wo ọgbọ́n tó dá. Ká ní bọ́ọ̀sì kan gbéra l'Ọ́fà, ó ń lọ Ìlọrin, ó wá bàjẹ́ lọ́nà. Bọ́ọ̀sì méjì dé láti kó àwọn èrò. Àwọn tó jókòó ti ara wọn, inú ọkọ̀ kan náà ni wọ́n máa ń sábà bọ́ sí. Ẹni tó wà níwájú àti ẹni tó wà lẹ́yìn pátápátá lè pínyà. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni ogún inú ara ṣe ń pín nígbà tí ọmọ bá fẹ́ wáyé. Sturtevant ka iye ìgbà tí àmì méjì jọ dé ara ọmọ eṣinṣin, àti iye ìgbà tí wọ́n pínyà. Àwọn tí kì í sábà pínyà, ó mọ̀ pé ẹ̀gbẹ́ ara wọn ni wọ́n wà. Kò fojú rí jíìnì kankan o, síbẹ̀ ó mọ bí wọ́n ṣe tò.

Nígbà tó yá, wọ́n wá bẹ̀rẹ̀ sí í ka lẹ́tà inú ìwé náà ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Kò sí ẹ̀rọ tó lè ka odindi ìwé náà lẹ́ẹ̀kan. Nítorí náà, ṣe ni wọ́n ń gé e wẹ́wẹ́. Ẹ jẹ́ ká sọ pé ìyá alákàrà kó ogún ẹ̀dà ìwé ìròyìn yìí, ó ya gbogbo rẹ̀ láti fi di àkàrà fún oníbàárà. Ẹ wá ṣa gbogbo ègé náà jọ. Ègé kan parí sí "ìyá tó ń ta ànàmọ́ l'ọ́jà". Òmíràn bẹ̀rẹ̀ láti "ànàmọ́ l'ọ́jà Ọwọ́dé". Ibi tí ọ̀rọ̀ wọn ti bára mu ni ẹ ó fi lẹ̀ wọ́n pọ̀. Iṣẹ́ tí kọ̀ǹpútà ń bá wọn ṣe nìyẹn. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ ti ènìyàn ní 1990, wọ́n kéde ní 2003 pé àwọn ti parí. Ìwọ̀nba tó le jù, bí 8 nínú 100, 2022 ni wọ́n tó rí i kà tán.

Ẹ̀JẸ̀ YORÙBÁ WÀ NÍBẸ̀

Ìwé ẹnì kan ṣoṣo kò tó. Bí a bá gbé ìwé ti ènìyàn méjì síra wọn, nínú lẹ́tà 1,000, bí ẹyọ kan péré ló máa ń yàtọ̀. Ẹyọ kan yẹn náà ni àwọn onímọ̀ ń wá. Nítorí rẹ̀ ni wọ́n ṣe dá iṣẹ́ HapMap sílẹ̀ ní oṣù kẹwàá 2002. Nàìjíríà wà níbẹ̀ pẹ̀lú Amẹ́ríkà, Ìlú Ọba, Kánádà, Ṣáínà àti Jàpáánù.

Ìbàdàn ni wọ́n ti gba ẹ̀jẹ̀ tiwa. Wọ́n kọ́kọ́ pe àwọn ará àdúgbò, wọ́n ṣàlàyé, kí abẹ́rẹ́ tó kan ẹnikẹ́ni. Ọmọ Yorùbá 90 ni wọ́n lò: bàbá, ìyá àti ọmọ wọn tó ti dàgbà, ọ̀nà 30. Ẹni tó bá máa wọ̀ ọ́, bàbá àti ìyá tó bí bàbá rẹ̀, bàbá àti ìyá tó bí ìyá rẹ̀, gbogbo wọn gbọ́dọ̀ jẹ́ Yorùbá. Wọn kò kọ orúkọ ẹnikẹ́ni sílẹ̀. Máàpù náà jáde ní 2005. Ní 2008, wọ́n ka odindi ìwé inú ara ọkùnrin kan nínú àwọn ará Ìbàdàn yìí, ọ̀kan nínú àwọn ènìyàn àkọ́kọ́ láyé tí wọ́n ka tirẹ̀ tán.

Kí ni wọ́n rí? Ẹ rántí bí oríkì ṣe rí. Bí baba ńlá agboolé kan bá yí ọ̀rọ̀ kan padà nínú oríkì, àwọn ọmọ rẹ̀ á máa kì í bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹni tó gbọ́n, tó bá gbọ́ ọ lẹ́nu ọmọdé kan, á mọ agboolé tó ti wá. Lẹ́tà inú ara náà ń tò tẹ̀ lé ara wọn bẹ́ẹ̀, wọ́n sì ń jọ rìn láti ìran dé ìran. Ṣùgbọ́n ilẹ̀ Áfíríkà ni ènìyàn ti pẹ́ jù láyé, ogún tiwa ti pín, ó ti tún pín. Ègé tó ń jọ rìn lára wa kúrú ju ti àwọn òyìnbó lọ. Ibi tó bá kúrú ni ohun tí à ń wá kì í ti pẹ́ rí.

TA LÓ WÁ KỌ Ọ́?

A padà sọ́dọ̀ ìyá aláànàmọ́. A ti inú AS kì í ṣe lẹ́tà A tí mo sọ lẹ́ẹ̀kan. Ẹ̀jẹ̀ tó pé ni A yẹn, S ni èyí tó máa ń tẹ̀ bíi dòjé. Lára okùn kọkànlá ni àṣẹ yìí wà. Lẹ́tà kan ṣoṣo ló yí padà níbẹ̀, T bọ́ sípò A. Ẹni tó bá gba S lọ́wọ́ bàbá àti ìyá, SS nìyẹn, àrùn fòníkú-fọ̀ladìde.

Ní 2018, Daniel Shriner àti Charles Rotimi, ọmọ Nàìjíríà tó wà lára àwọn tó ṣe iṣẹ́ Ìbàdàn yẹn, yẹ jínóòmù àwọn ènìyàn tó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó 3,000 wò. Wọ́n wo àwọn lẹ́tà tó yí S ká. Wọ́n rí i pé orísun kan náà ni gbogbo rẹ̀: ẹnì kan ṣoṣo, nílẹ̀ Áfíríkà, ní bí 7,300 ọdún sẹ́yìn. Kí ló dé tí kò fi parun? Ibà ni. Ọmọ tó bá jẹ́ AS, ibà burúkú kì í tètè pa á. Ohun tó gba baba ńlá wa là ni, kì í ṣe àjẹ́, kì í sì í ṣe àbíkú.

ÀNÀMỌ́ FUNFUN, ÀNÀMỌ́ PUPA

Nígbà tí mo padà dé ọjà, agbọ̀n méjì ni mo tọrọ lọ́wọ́ ìyá. Mo fi ànàmọ́ funfun kan àti pupa kan sínú ọ̀kọ̀ọ̀kan. Mo ní, "Ìyá, funfun ni A, pupa ni S. Agbọ̀n kan ni ọmọ yín, èkejì ni ọkọ àfẹ́sọ́nà rẹ̀. Ẹ di ojú, ẹ mú ẹyọ kọ̀ọ̀kan." Ní ìgbà àkọ́kọ́ gan-an, pupa méjì ni ìyá mú. Wọn ò sọ̀rọ̀.

Mo ṣàlàyé fún wọn pé nínú oyún kọ̀ọ̀kan, ọ̀nà mẹ́rin ló wà: ọ̀kan AA, méjì AS, ọ̀kan SS. Pé àkọ́bí jẹ́ SS kò ní kí èyí tó tẹ̀ lé e bọ́. Agbọ̀n náà á tún kún ni.

Ìyá ní, "Ṣé kò sí oògùn ni?" Mo ní ó wà. Ní 2023, Ìlú Ọba àti Amẹ́ríkà fọwọ́ sí ìtọ́jú kan tó ń jẹ́ Casgevy. Irú máàpù tí mo sọ yìí ni wọ́n fi rí jíìnì tí ó ń tún ṣe. Ṣùgbọ́n iye tí wọ́n dá lé e l'Amẹ́ríkà fún ẹnì kan jẹ́ mílíọ̀nù 2.2 dọ́là. Ìyá kọ hàà! Wọ́n ní, "Ẹ̀jẹ̀ wa wà nínú máàpù, owó wa ò wá dé ìdí oògùn?" Mi ò rí èsì fọ̀.

Àwọn ọmọ méjèèjì kò tíì pinnu. Wọ́n ní àwọn máa kọ́kọ́ tún àyẹ̀wò náà ṣe níbòmíràn, ọgbọ́n nìyẹn. Ẹ̀yin òbí, ẹ jẹ́ kí àyẹ̀wò ṣáájú aṣọ ẹbí. Nínú ọmọ Nàìjíríà mẹ́rin, bí ẹnì kan ló jẹ́ AS.

Èmi náà lọ ṣe tèmi. AS ni. Ọmọbìnrin tí mò ń bá sọ̀rọ̀ kò tíì mọ tirẹ̀. Lọ́sẹ̀ yìí ni màá bi í. Ẹ̀yin tí irú ẹ̀ ti ṣẹlẹ̀ sí, kí lẹ ṣe? Ẹ kọ̀wé sí wa.