Ilé Sinimá Àtijọ́ ní Èkó

Ọjọ́ kejìlá oṣù kẹjọ ọdún 1903 ni àwọn ará Èkó kọ́kọ́ wo sinimá, nínú gbọ̀ngàn Glover Memorial Hall ní Erékùṣù Èkó. Herbert Macaulay, tí òkìkí rẹ̀ wá kàn lẹ́yìn náà nídìí òṣèlú, ló ṣètò rẹ̀ pẹ̀lú ilé iṣẹ́ Balboa láti Barcelona ní orílẹ̀-èdè Sípéènì. Kò tíì pé ọdún mẹ́jọ nígbà náà tí àwọn ọmọ ìyá méjì tí wọ́n ń jẹ́ Lumière kọ́kọ́ gbowó lọ́wọ́ èrò ìwòran sinimá ní Paris, nítorí náà Èkó kò kẹ́yìn rárá. Nígbà tí Balboa kó ẹrù wọn lọ, oníṣòwò òyìnbó kan, Stanley Jones, gba iṣẹ́ náà ṣe nínú gbọ̀ngàn kan náà. Ọ̀kan lára àwọn fíìmù tó fa èrò láyé ìgbà yẹn ni èyí tó ṣàfihàn ìrìn àjò Aláké, Ọba Gbádébọ̀ Kìn-ín-ní, sí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní 1904. Ọba tí wọ́n mọ̀, tí wọ́n ti gbọ́ ìròyìn ìrìn àjò rẹ̀, ló wá ń rìn lójú wọn lára ògiri.

Fíìmù kàn ń yá Glover Hall lò ni. Gbọ̀ngàn ìpàdé, ijó àti eré ni wọ́n kọ́ ọ fún. Láàárín àwọn ọdún 1930 sí 1950 ni àwọn ilé tí wọ́n dìídì kọ́ fún sinimá wá ń pọ̀ sí i, owó àwọn ará Lẹ́bánónì, tí Yorùbá ń pè ní Kóráà, ló sì wà nídìí ọ̀pọ̀ nínú wọn. Ilé iṣẹ́ West African Pictures ti S. Khalil ló ni Rex ní Èbúté-Mẹ́ta, òun náà ló ni Regal àti Royal. Casino wà ní Yaba, Roxy wà ní Àpápá, Pen wà ní Agége. Capitol, Corona, Odeon, Plaza àti King's náà ní oníbàárà tiwọn. Orúkọ tí ilé sinimá ń jẹ́ ní Lọ́ńdọ̀nù ni ọ̀pọ̀ nínú wọn gbé wọ̀, ṣùgbọ́n òṣìṣẹ́ rélùwéè, akọ̀wé, òṣìṣẹ́ èbúté, àwọn tó ń kọ́ṣẹ́ ọwọ́, àti ọmọ ilé-ìwé tó yọ́ jáde nílé ló ń kún inú wọn lálẹ́.

Ilé sinimá àdúgbò kì í fi bẹ́ẹ̀ ní ọ̀ṣọ́. Ògiri gíga ló yí i ká kí ẹni tí kò sanwó má baà yọjú wòran, pátákó tí wọ́n ń lẹ pósítà mọ́ sì wà níwájú. Ojú fèrèsé kékeré onírin ni wọ́n ti ń ta tíkẹ́ẹ̀tì. Nínú ọ̀pọ̀ wọn, apá iwájú kò ní òrùlé: bẹ́ńṣì onígi ni wọ́n tò síbẹ̀, ibẹ̀ ni owó ìwọlé ti rọjú jù. Ẹ̀yìn ló ní òrùlé àti àga gidi, òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì sì ni ti àwọn tí owó wà lọ́wọ́ wọn. Níbi eré orí ìtàgé, iwájú ni gbogbo èèyàn ń dù. Ní sinimá, ẹni tó bá jókòó síwájú á gbé ojú sókè títí ọrùn á fi máa dùn ún. Nítorí àìlórùlé yìí, fíìmù kò lè bẹ̀rẹ̀ títí ilẹ̀ á fi ṣú, òjò sì lè tú ìwòran ká nígbà tí ìjà bá dé ojú ọgbagadè. Níta, àwọn oní-gúgúrú àti ẹ̀pà, oní-bọ̀ọ̀lì àti onísúyà ti jókòó ti ọjà wọn kí èrò tó dé, wọn kì í sì í kúrò títí èrò á fi túká.

Ibi tí iṣẹ́ wà gan-an ni yàrá kékeré kan lókè lẹ́yìn, tí òǹwòran kì í dé. Fíìmù tó fẹ̀ ní mílímítà 35 ni òṣìṣẹ́ inú rẹ̀ ń yí. Àwòrán mẹ́rìnlélógún ló ń kọjá níwájú iná láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, tó fi jẹ́ pé fíìmù wákàtí kan ààbọ̀ gùn ju kìlómítà méjì lọ. Wọ́n á pín in sí róòlù, róòlù ńlá kan á sì gba nǹkan bí ogún ìṣẹ́jú. Ìdí nìyí tí ilé sinimá tó dáńgájíá fi ń ní ẹ̀rọ méjì. Bí róòlù kan bá kù díẹ̀ kó tán, àmì róbótó kékeré kan á yọ ní igun òkè lápá ọ̀tún, òṣìṣẹ́ á sì mú ẹ̀rọ kejì ṣiṣẹ́. Bí àmì ẹlẹ́ẹ̀kejì bá yọ, á yí i padà wéré, èrò ìsàlẹ̀ kò ní mọ̀. Iná ẹ̀rọ náà ń jáde láàárín ọ̀pá èédú méjì tí wọ́n ń jó tán díẹ̀díẹ̀, èyí tó ń mú kí òṣìṣẹ́ náà máa sún wọn mọ́ra láìsinmi, nínú ooru. Bí fíìmù bá já, ariwo á ta láti orí bẹ́ńṣì. Òṣìṣẹ́ náà á gé ojú ibi tó já, á fá a, á fi gọ́ọ̀mù lẹ̀ ẹ́ pọ̀, á sì pàdánù àwòrán bíi mélòó kan. Ẹ̀dà fíìmù tó ti la ilé sinimá púpọ̀ kọjá á wá máa fò láti ọ̀rọ̀ kan sí òmíràn, débi pé ẹni tó wo fíìmù kan ní ilé méjì lè má rí ìtàn kan náà.

Fíìmù Amẹ́ríkà àti ti Gẹ̀ẹ́sì ló kọ́kọ́ gbòde, pàápàá ti kábọ́ì elẹ́ṣin. Ìjọba òyìnbó ní ìgbìmọ̀ tó ń yẹ fíìmù wò kí ará ìlú tó rí i, nítorí ẹ̀rù ń bà wọ́n pé àwòrán òyìnbó tó ń jalè tàbí tó ń mutí yó lè mú kí ọ̀wọ̀ wọn dínkù. Fíìmù Íńdíà wá tẹ̀ lé e. Èrò kò gbọ́ èdè wọn, síbẹ̀ wọ́n mọ ìgbà tí ìyá ń sunkún ọmọ àti ìgbà tí ọ̀tá ń bọ̀. Nígbà tó di àwọn ọdún 1970, ti Hong Kong gba ojú pátákó, Bruce Lee sì sọ ọ̀dọ́mọkùnrin àdúgbò di ẹni tó ń ta ẹsẹ̀ lófuurufú. Kò sí ìdákẹ́jẹ́ẹ́ nínú ilé. Wọ́n á máa pariwo kìlọ̀ fún akítọ̀ pé ẹnì kan wà lẹ́yìn rẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé gbogbo wọn ló gbà pé akítọ̀ kì í kú.

Ní 1972, ìjọba ológun Yakubu Gowon ṣòfin pé kí àwọn òwò kan bọ́ sọ́wọ́ ọmọ Nàìjíríà, ilé sinimá sì wà lára wọn. Báyìí ni ilé kúrò lọ́wọ́ Kóráà. Òfin náà tọ́, ṣùgbọ́n ògiri àti àga nìkan ló gbé lé ọmọ onílẹ̀ lọ́wọ́. Ilẹ̀ òkèèrè ni fíìmù fúnra rẹ̀ ṣì ti ń wá, ẹni tó ra ilé kò sì ní ohun tí yóò fi kún un bí kò bá yá ti Amẹ́ríkà, Íńdíà àti Hong Kong.

Ọdún mẹ́rin lẹ́yìn náà, ní 1976, fíìmù Yorùbá kan, Àjàní Ògún, jáde. Ọlá Balógun ló darí rẹ̀, Adé Afọláyan tí gbogbo ayé mọ̀ sí Ade Love ló sì kó ipa àkọ́kọ́. Hubert Ògúndé náà gbé Ayé jáde ní 1979 àti Jáyésinmi ní 1980. Moses Ọláìyá, tí wọ́n ń pè ní Baba Sàlá, gbé Ọ̀run Móoru jáde ní 1982. Glover Hall yẹn kan náà ni Ògúndé ti ṣe eré rẹ̀ àkọ́kọ́ ní ọjọ́ kejìlá oṣù kẹfà ọdún 1944, ọ̀nà tó sì gbà kó ẹgbẹ́ eré rẹ̀ láti ìlú dé ìlú ló gbà gbé fíìmù rẹ̀ kiri. Òun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kì í sábà fi ẹ̀dà fíìmù sílẹ̀ fún onílé sinimá. Wọ́n á gbé e dání fúnra wọn, wọ́n á háyà gbọ̀ngàn, wọ́n á dúró ti ẹnu ọ̀nà kí owó tíkẹ́ẹ̀tì má baà pòórá, wọ́n á sì gbé e lọ. Nígbà ọdún Àjíǹde àti Iléyá, Gbọ̀ngàn Eré Orílẹ̀-èdè ní Ìgànmú, tó ní yàrá sinimá méjì nínú, ni èrò ń wọ́ lọ. Ohun tó dunni nínú ìtàn yìí ni pé fíìmù Yorùbá àti ilé sinimá àdúgbò pàdé nígbà tí ilẹ̀ ti ń ṣú. Ọdún mẹ́wàá péré ni wọ́n fi jọ rìn dáadáa.

Ní 1985, náírà kan ṣì ju dọ́là kan lọ díẹ̀. Ìjọba Babangida gbé ètò àtúntò ọrọ̀ ajé tí wọ́n ń pè ní SAP dé ní 1986, nígbà tó sì fi di 1987, dọ́là kan ti di nǹkan bíi náírà mẹ́rin. Dọ́là ni wọ́n fi ń ra fíìmù tútù, òun ni wọ́n fi ń fọ̀ ọ́ lókè òkun, òun náà ni wọ́n fi ń ra ohun èlò ẹ̀rọ. Kí ìyẹn tó dé ni fídíò ti wọlé. Àwọn gbájúẹ̀ ti da Ọ̀run Móoru kọ sórí kásẹ́ẹ̀tì láìgbàṣẹ, wọ́n ń tà á káàkiri, gbèsè tó sì kó Baba Sàlá sí pọ̀ gan-an. Ẹni tó bá ní fídíò nílé lè pe ará ilé àti aládùúgbò jọ láìsan owó ìwọlé. Ìbẹ̀rù olè lóru sì mú kí ọ̀pọ̀ ìdílé fi alẹ́ jókòó sílé. Nígbà tí fíìmù Living in Bondage jáde ní 1992, orí kásẹ́ẹ̀tì ló gbà dé ọwọ́ ará ìlú.

Àwọn ilé náà kò wó lọ́jọ́ kan. Òmíràn kọ́kọ́ dín ọjọ́ ìwòran kù, òmíràn gbé ẹ̀rọ fídíò síwájú èrò dípò róòlù. Nígbẹ̀yìn, ọ̀pọ̀ di ṣọ́ọ̀ṣì, nítorí gbọ̀ngàn ńlá tí àga ti wà nínú rẹ̀ kò ṣòro láti sọ di ilé ìjọsìn. Àwọn kan di ilé ìkẹ́rù, wọ́n wó àwọn yòókù, wọ́n fi ilẹ̀ wọn kọ́ ṣọ́ọ̀bù. Orúkọ ló lágídí. Àwọn awakọ̀ ṣì ń pe Casino ní Yaba, gbogbo àdúgbò Pen Cinema ní Agége sì ń jẹ́ orúkọ ilé sinimá náà, tó fi jẹ́ pé afárá tí ìjọba ìpínlẹ̀ ṣí síbẹ̀ ní 2021 náà ń jẹ́ Pen Cinema.

Sinimá tún padà sí Èkó ní 2004 nígbà tí Silverbird Galleria ṣílẹ̀kùn ní Victoria Island. Àwọn míì tẹ̀ lé e, ṣùgbọ́n inú ilé ìtajà ńláńlá ni ọ̀pọ̀ wọn wà, pẹ̀lú ẹ̀rọ amúlétutù àti yàrá kéékèèké tó pọ̀ níbi kan. Ẹ̀rọ kọ̀ǹpútà ló ń gbé àwòrán wọn jáde. Kò sí róòlù, kò sí ọ̀pá èédú, kò sí ẹni tó ń lẹ fíìmù tó já. Ní 2022, Agẹṣinkólé, fíìmù elédè Yorùbá tí Adébáyọ̀ Tìjání àti Tọ́pẹ́ Adébáyọ̀ darí, wọ irú ilé bẹ́ẹ̀, ó sì pa owó ńlá.