Ẹ Jẹ́ Ká Mọ̀: Òṣìṣẹ́ Tí Kì Í Ṣe Sójà Lójú Ogun

Ẹ̀yin ará Ìkòtún, bí wọ́n bá pe ọmọ yín síṣẹ́ níbi tí ìbọn ti ń dún, ìbáà jẹ́ Borno tàbí òkè òkun, ẹ ka èyí ná.

Lọ́jọ́ 25 oṣù Keje, ọdún 2017, àwọn òṣìṣẹ́ Yunifásítì Maiduguri ń bá NNPC wá epo rọ̀bì ní agbègbè Adágún Chad. Boko Haram lúgọ dè wọ́n nítòsí Magumeri. Àwọn tó kú lé ní 50: onímọ̀ ilẹ̀, awakọ̀, sójà àti fijilanté tó ń ṣọ́ wọn. Wọ́n jí olùkọ́ mẹ́ta gbé. Oṣù Kejì ọdún 2018 ni wọ́n tó gba ìtúsílẹ̀. Awakọ̀ ò gbé ìbọn o! Oúnjẹ òòjọ́ ló wá lọ.

Lókè òkun náà, Yunifásítì Brown ní Amẹ́ríkà ṣírò pé nǹkan bí 8,000 òṣìṣẹ́ agbaṣẹ́ṣe ló kú nínú àwọn ogun tí Amẹ́ríkà jà lẹ́yìn ọdún 2001. Wọ́n ju sójà Amẹ́ríkà tó kú lọ.

Tiwa ńkọ́? Òfin ọdún 2010 ní kí agbanisíṣẹ́ máa san 1% àpapọ̀ owó oṣù òṣìṣẹ́ fún NSITF, àjọ ìjọba tó ń bójú tó owó gbà-má-bínú òṣìṣẹ́, kí ẹni tó fara pa, tàbí ẹbí ẹni tó kú, lè rí owó gbà. Òṣìṣẹ́ ìgbà díẹ̀ náà wà níbẹ̀. Ẹbí tí kò mọ̀ ò ní béèrè, ìyẹn ló ń dùn mí.

Kí ọmọ yín tó wọkọ̀, ẹ béèrè: ta ló fọwọ́ sí ìwé iṣẹ́ náà? Ṣé wọ́n ń san NSITF? Ẹ ya fọ́tò ìwé náà, kí ẹ tọ́jú rẹ̀ sílé.